Ológbò ń tiro: kí la máa kọ́kọ́ yẹ̀ wò, kí ni a ò sì gbọdọ̀ fi sí i lẹ́sẹ̀?

Alábòójútó (Ìkòròdú)

Ẹ kú ojúmọ́ o, ẹ̀yin ará. Láti ìgbà tí òjò ti dé ni ìbéèrè kan náà ti ń wọlé: ológbò jáde lálẹ́, ó wọlé láàárọ̀, ẹsẹ̀ kan ò kan ilẹ̀ mọ́. Kí ọjọ́ tó kanrí, àwọn èèyàn á ti dárúkọ oríṣiríṣi oògùn. Ẹ jẹ́ ká kó ọ̀rọ̀ yìí sójú kan. Ohun tí a ó ṣe, bí a ó ṣe ṣe é àti ìdí rẹ̀ ni kí ẹ kọ. Ìtàn ológbò yín, ẹ fi í sílé.

Ìbéèrè tó wà nílẹ̀ wá láti Ìgbógbó: akọ ológbò, ọmọ ọdún méjì, wọn ò tíì tẹ̀ ẹ́ lọ́dàá. Ẹsẹ̀ iwájú ọ̀tún ni kò fẹ́ tẹ̀. Ó ṣì ń jẹun, kò sì sí ojú egbò tó hàn. Níbo la ti máa bẹ̀rẹ̀?

Dókítà Ẹran (Ẹ̀pẹ́)

Òkèèrè lẹ ti máa bẹ̀rẹ̀. Kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kàn án ná. Ẹ sọ ọ́ kalẹ̀ lórí sìmẹ́ǹtì tàbí táìsì, kì í ṣe orí bẹ́ẹ̀dì, kí ẹ jẹ́ kó rìn lọ síbi oúnjẹ rẹ̀. Bó bá ń fi ẹsẹ̀ náà kan ilẹ̀ ṣùgbọ́n tó ń yára gbé e, èékánná, tìmùtìmù àtẹ́lẹsẹ̀ tàbí ẹsẹ̀ tó rọ́ ló sábà máa ń jẹ́. Bó bá gbé e sókè pátápátá, ẹ ronú egungun tó kán, oríkèé tó yẹ̀, tàbí ọyún tó ń gbá jọ lábẹ́ awọ. Bó bá ń wọ́ ọ, tó jẹ́ pé ẹ̀yìn ẹsẹ̀ ló ń ha ilẹ̀ dípò àtẹ́lẹsẹ̀, iṣan tó ń gbé ìmọ̀lára ló fara pa. Ẹ wo orí rẹ̀ náà: tó bá jẹ́ ẹsẹ̀ iwájú ló ń dùn ún, orí á máa jù sókè ní gbogbo ìgbà tí ẹsẹ̀ ọ̀hún bá kan ilẹ̀. Bí ìtiro náà ò bá hàn dáadáa, ibẹ̀ lẹ ti máa mọ ẹsẹ̀ tó jẹ́.

Kí ẹ tó kan ẹsẹ̀, ẹ ka èémí rẹ̀ nígbà tó bá jókòó jẹ́ẹ́. Ẹ ka iye ìgbà tí ìhà rẹ̀ gbéra láàárín ìṣẹ́jú àáyá 30, kí ẹ sọ ọ́ di ìlọ́po méjì. 20 sí 30 láàárín ìṣẹ́jú kan ló dára. Bó bá ju 40 lọ nígbà tí kò sáré, tàbí tó ń fi ẹnu mí, ẹ fi ọ̀rọ̀ ẹsẹ̀ sílẹ̀, àyà rẹ̀ ló ní ìṣòro. Ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé ọ̀kadà tàbí mọ́tò ló gbá a. Ẹ gbé ètè rẹ̀ sókè, ẹ wo erìgì. Ó yẹ kó pupa fẹ́ẹ́rẹ́. Ẹ fi ìka tẹ̀ ẹ́ kó funfun, ó yẹ kí àwọ̀ rẹ̀ padà kí ìṣẹ́jú àáyá 2 tó pé. Bí erìgì bá funfun báláú, tàbí tó dà bí eérú, tàbí tó di àwọ̀ kọfí, ilé ìwòsàn ló kàn.

Ẹ̀yìn ìyẹn ni fífọwọ́kàn. Iṣẹ́ ènìyàn méjì ni. Ẹnì kan á fi táwẹ̀lì wé e, kí orí àti ẹsẹ̀ kan péré yọ síta. Ẹnì kejì á yẹ̀ ẹ́ wò. Ẹsẹ̀ tí kò dùn ún lẹ máa kọ́kọ́ mú, kí ẹ lè mọ bí èyí tó dára ṣe rí lọ́wọ́. Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti ìka, kí ẹ máa gòkè. Ìka márùn-ún ló wà ní ẹsẹ̀ iwájú kọ̀ọ̀kan, ìkarùn-ún wà lókè lápá inú, kì í kan ilẹ̀, òun sì ni àwọn èèyàn máa ń gbàgbé. Mẹ́rin ló wà ní ti ẹ̀yìn. Ẹ rọra tẹ ìka kọ̀ọ̀kan láàárín àtàǹpàkò àti ìka ìfábẹ̀lá, èékánná á yọ. Ẹ fi tọ́ọ̀ṣì fóònù wo àárín ìka dé ìdí. Ẹ gbóòórùn rẹ̀: ọyún máa ń rùn kó tó hàn. Lẹ́yìn náà, ọrùn ẹsẹ̀, ìgúnpá, èjìká. Bí ọwọ́ yín bá gbọ́ egungun tó ń ha ara wọn, ẹ dúró níbẹ̀. Ẹ má tún un tẹ̀ láti fi dá ara yín lójú.

Pé ó ń jẹun kò ní kí ẹsẹ̀ má dùn ún. Ológbò tó ń kùn hùn-ùn hùn-ùn bí ẹni tí inú rẹ̀ dùn lè wà nínú ìrora.

Àǹtí Ìgbógbó

Ẹ ṣé gan-an, dókítà. Ìka rẹ̀ mọ́, èékánná pé. Ṣùgbọ́n bí ọwọ́ ṣe dé òkè ọrùn ẹsẹ̀, ó fẹ́ gé wa jẹ. Ibẹ̀ wú, ó sì gbóná ju ẹsẹ̀ kejì lọ. Ṣé kò kán ni?

Olùtọ́jú Ẹran (Agríìkì)

Àǹtí, ó jọ pé ológbò mìíràn ló gé e jẹ. Akọ tí a ò tẹ̀ lọ́dàá, tó ń jáde lálẹ́, ìjà ni iṣẹ́ rẹ̀. Eyín ológbò tín-ín-rín, ó gùn. Ihò tó dá sára awọ kéré débi pé yóò pa dé láàárín ọjọ́ kan, kòkòrò tó wà lẹ́nu èkejì á sì wà nínú ẹran níbẹ̀. Ní ọjọ́ kejì sí ìkẹrin ni ibẹ̀ máa ń wú, tó ń gbóná, tí ológbò á dédé tiro. Ìdí nìyẹn tí ẹ ò fi rí egbò. Ẹ fi ìka tú irun ibẹ̀ sọ́tọ̀ díẹ̀díẹ̀, ẹ wá èépá kékeré kan tí irun lẹ̀ mọ́. Bí ẹ bá rí méjì tó súnmọ́ra, ojú eyín ni.

Bó bá ṣì le, ẹ ki aṣọ mímọ́ bọ omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ tí ẹ̀yìn ọwọ́ yín lè gbà, ẹ fún un, ẹ gbé e lé ibẹ̀ fún ìṣẹ́jú 5 sí 10, lẹ́ẹ̀mẹta lójúmọ́. Ẹ má fún ọyún jáde bí oówo, torí ẹ lè tì í wọ inú sí i. Ẹ má fi abẹ réésà là á: iṣan àti òpó ẹ̀jẹ̀ wà nítòsí awọ ní ojúgun, ẹ sì lè gé ohun tí kò ṣeé tún so. Bó bá bẹ́ fúnra rẹ̀, ẹ fi omi iyọ̀ fọ inú rẹ̀ pẹ̀lú sírínjì 10 tàbí 20 ml tí kò ní abẹ́rẹ́ lẹ́nu, títí omi tó ń jáde á fi mọ́. Ẹ jẹ́ kí ojú rẹ̀ là sílẹ̀. Ojú tó bá yára pa dé á tún kó ọyún jọ.

Bí ọyún ò bá bẹ́ láàárín wákàtí 24, tàbí tó kọ oúnjẹ, tàbí tí ìwúlé náà wà lórí oríkèé gan-an, ẹ gbé e lọ sọ́dọ̀ dókítà. Ọyún inú oríkèé máa ń ba ẹsẹ̀ jẹ́ pátápátá. Ìgbóná ara ológbò tó dára wà láàárín 38 sí 39.2. Ẹ fi fasilíìnì kun tamómítà, ẹ ti ẹnu rẹ̀ bọ ihò ìdí níwọ̀n sẹ̀ǹtímítà méjì. Bó bá kọjá 39.5, ó nílò oògùn tó ń pa kòkòrò, dókítà ló sì máa yan irú rẹ̀ àti ìwọ̀n rẹ̀. Ẹ má fi ọ̀rọ̀ oúnjẹ ṣeré o: ológbò tí kò bá jẹ nǹkan kan fún ọjọ́ méjì sí mẹ́ta, pàápàá èyí tó sanra, ọ̀rá á bẹ̀rẹ̀ sí í dí ẹ̀dọ̀ rẹ̀.

Bọ̀dá Ọ̀dọ̀gúnyàn

Omi iyọ̀ yẹn, báwo ni ẹ ṣe ń pò ó? Àwa ń fi Dettol sínú omi gbígbóná ni tiwa. Ohun tí a ń lò fún ọmọ ni.

Olùtọ́jú Ẹran (Agríìkì)

Píọ̀ wọ́tà kan, 50cl. Ẹ sè é kó hó, ẹ jẹ́ kó tutù. Iyọ̀ inú rẹ̀, ṣíbí tíì kan tí kò kún, kí ó tó ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin rẹ̀. Bí iyọ̀ bá pọ̀ jù, á máa ta á, á sì máa fa omi jáde lára ẹran tó fẹ́ jinná. Èyí tó bá ṣẹ́ kù lọ́jọ́ kejì, ẹ dà á nù.

Ọ̀rọ̀ Dettol, bọ̀dá, ẹ dákun ẹ fi í sílẹ̀. Bó ṣe dára fún ọmọ ènìyàn kọ́ ló ṣe dára fún ológbò. Ẹ̀dọ̀ ológbò kò ní agbára láti fọ́ irú kẹ́míkà tó wà nínú rẹ̀. Izal burú ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ohun tí ẹ bá sì fi sí i lẹ́sẹ̀, ẹnu rẹ̀ ló ń lọ, torí ológbò máa ń lá ẹsẹ̀ rẹ̀ títí á fi mọ́. Àmì kan rèé tí ẹ lè fi dá wọn mọ̀: oògùn apakòkòrò tí ẹ bá dà sómi tí omi náà sì funfun bíi wàrà, ẹ má jẹ́ kó súnmọ́ ológbò. Èyí kan ilẹ̀ ilé tí ẹ fi ń nù pẹ̀lú.

Spirit àti hydrogen peroxide náà ń pa ẹran tuntun tó ń hù lójú egbò. Bí ẹ bá fẹ́ apakòkòrò dandan, povidone iodine tí ẹ fi omi là títí á fi rí bíi tíì tí kò ní wàrà, tó ṣì mọ́ gaara, ìyẹn tó. Ẹ fi omi iyọ̀ ṣàn án lẹ́yìn náà, kí ẹ nù ún gbẹ.

Ẹ tún fi líla kápúsù ampiclox bù sójú egbò sílẹ̀. Mo mọ̀ pé gbogbo àdúgbò ló ń ṣe é. Ìyẹ̀fun inú rẹ̀ á gan mọ́ ojú egbò, ọyún á sì wà lábẹ́ rẹ̀.

Ẹlẹ́ja Olúwo (Ẹ̀pẹ́)

Ní etí ọ̀sà lọ́dọ̀ wa, ìwọ̀ ẹja ni olórí ìṣòro. Ológbò tẹ ìwọ̀ tó ní ìdẹ lẹ́nu, tàbí ó fẹ́ fi ọwọ́ kó ìdẹ. Ẹ má fà á padà síbi tó gbà wọlé, torí ẹ̀gún kékeré tó wà lẹ́yìn ẹnu ìwọ̀ á fa ẹran ya. Bí ẹnu ìwọ̀ bá ti yọ sódì kejì, ẹ fi púláyà gé ẹnu náà kúrò pẹ̀lú ẹ̀gún rẹ̀, ìyókù á padà jáde wọ́ọ́rọ́. Bó bá rì sínú tìmùtìmù tí ẹnu rẹ̀ ò yọ, ẹ gé okùn kúrú, ẹ fi píláásítà lẹ ìwọ̀ mọ́lẹ̀ kó má bàa mì, ẹ gbé e lọ. Ẹ yẹ ẹnu rẹ̀ wò pẹ̀lú. Bí okùn bá ń jáde látẹnu tàbí láti ìdí, ẹ má fà á rárá, ẹ má sì gé e kúrú: ó lè ti yí mọ́ ìfun, dókítà sì máa nílò ìdí okùn yẹn.

Ẹ̀gún ìyẹ́ ọ̀bọ̀kún náà wà. Ó ní eyín wẹ́wẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́, ó sì máa ń kán sínú. Ẹsẹ̀ á wú, ẹ ò ní rí nǹkan kan lójú. Bí ìtiro bá pẹ́ ju ọjọ́ méjì lọ lórí ológbò tó ń gbé ọjà ẹja, ẹ ronú ẹ̀gún kí ẹ tó ronú ohun mìíràn.

Àti òwú àwọ̀n! Òwú tín-ín-rín yí ìka tàbí ọrùn ẹsẹ̀ po, irun bò ó, ẹsẹ̀ wú lé e lórí. Ẹ fi ìka wá ibi tó rì wọlé róbótó yíká ẹsẹ̀. Rọ́bà tí a fi ń di owó máa ń ṣe bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́, àwọn ọmọdé ló sì máa ń fi sí wọn lẹ́sẹ̀. Sísọ́ọ̀sì tí ẹnu rẹ̀ kò mú ni kí ẹ fi gé e, láti ẹ̀gbẹ́. Lẹ́yìn tó bá ti já, ẹ fi ọwọ́ kan tìmùtìmù ẹsẹ̀ náà. Bó bá ṣì tutù ju ti ẹsẹ̀ kejì lọ lẹ́yìn wákàtí kan, ẹ̀jẹ̀ kò dé ibẹ̀.

Màmá Ayétòrò

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń yan ẹja, ti iná ńkọ́? Wọ́n máa ń fò lé ààrò.

Dókítà Ẹran (Ẹ̀pẹ́)

Màmá, omi tútù, kì í ṣe omi yìnyín. Ẹ máa fi ife dà á sórí ẹsẹ̀ náà fún ìṣẹ́jú 10 ó kéré tán, 20 bó bá gbà fún yín. Bó bá ń jà jù, aṣọ rírẹ tí ẹ ń pààrọ̀ lemọ́lemọ́. Epo pupa, àdí, bọ́tà, ẹyin, ọṣẹ ìfọyín, ẹ má fi ọ̀kankan sí i: wọ́n á sé ooru mọ́nú, ẹ ó sì tún máa nù wọ́n kúrò lójú egbò nígbà tí ara bá ti bó. Iná àtẹ́lẹsẹ̀ kì í hàn lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Ọjọ́ kejì tàbí ìkẹta ni tìmùtìmù máa ń bó. Torí náà, bó bá fò lé eérú gbígbóná tí ẹ ò rí nǹkan kan, ẹ tún un wò.

Ará Àgbádárìgì

Mi ò rí ẹni tó dárúkọ jìgá. Ní ilẹ̀ oníyanrìn tiwa níhìn-ín, pàápàá nítòsí ibi tí wọ́n ń sin ẹlẹ́dẹ̀, jìgá ń wọ ẹsẹ̀ ológbò àti ajá bó ṣe ń wọ ti ènìyàn. Ẹ ó rí ìwúlé róbótó, ó funfun, ojú dúdú kan wà láàárín rẹ̀, létí tìmùtìmù tàbí lẹ́gbẹ̀ẹ́ èékánná. Ológbò á máa jẹ ìka ara rẹ̀. Ọ̀kan tàbí méjì, ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ balẹ̀ lè fi abẹ́rẹ́ tí a ti sè gbẹ́ etí rẹ̀ kó jáde lódindi. Bó bá fọ́ sínú, á di egbò ọyún. Bó bá pọ̀, dókítà ni. Kẹrosíìnì tí wọ́n máa ń rọ sí i, ológbò á lá a, èéfín rẹ̀ á wọ ẹ̀dọ̀fóró.

Ẹ yẹ ẹsẹ̀ àwọn ọmọ ilé wò lọ́jọ́ kan náà. Ilẹ̀ tí ológbò ti kó o ni àwọn náà ń tẹ̀.

Eégbọn náà máa ń sá sáàárín ìka. Ẹ fi ẹ̀mú kékeré mú orí rẹ̀ nítòsí awọ, ẹ rọra fà á tààrà, ẹ má lọ́ ọ. Oògùn eégbọn tí wọ́n ṣe fún ajá, tó ní permethrin nínú, ẹ má fi sára ológbò. Gìrì ló máa mú un.

Bọ̀dá Ọ̀dọ̀gúnyàn

Mo ti gbọ́ ti Dettol. Ẹ̀jẹ̀ ńkọ́? Ìgò àfọ́kù ló pọ̀ ní àdúgbò wa.

Olùtọ́jú Ẹran (Agríìkì)

Aṣọ mímọ́, ẹ tẹ̀ ẹ́ mọ́ ojú ibẹ̀ fún ìṣẹ́jú 5 gbáko láìṣí i wò. Ṣíṣí wò ló ń já ẹ̀jẹ̀ tó ti ń dì. Bó bá rin aṣọ, ẹ fi òmíràn lé e lórí, ẹ má ṣí ti ìsàlẹ̀. Àtẹ́lẹsẹ̀ máa ń ṣẹ̀jẹ̀ púpọ̀, ẹ má jẹ́ kí ó dẹ́rù bà yín, ṣùgbọ́n bó bá ju ìṣẹ́jú 10 lọ, tàbí tó ń tú jáde bí ọkàn ṣe ń lù, ẹ máa tẹ̀ ẹ́ lọ títí ẹ ó fi dé ilé ìwòsàn. Èékánná tó ṣẹ́ dé ibi pupa: ẹ ki ìka náà bọ fúláwà gbígbẹ, ẹ dì í mú. Èékánná ológbò àgbà tí kì í jáde lè gùn títí á fi yí gún tìmùtìmù ara rẹ̀. Ẹ gé kìkì ibi tó funfun, kí ó jìnnà sí ibi pupa tí ẹ rí nínú rẹ̀.

Ìgò tó bá gún jinlẹ̀, ẹ má yọ ọ́. Ẹ di í yíká.

Ọ̀dọ́kùnrin Ìmọ̀tà

Ti gọ́ọ̀mù eku, ẹ̀gbọ́n? Ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ló fi lẹ̀ mọ́ ọn.

Olùtọ́jú Ẹran (Agríìkì)

Ẹ má fà á. Ẹ kọ́kọ́ bu fúláwà sórí gọ́ọ̀mù tó ṣì ṣófo kó má bàa tún lẹ̀ síbòmíràn. Ẹ wá fi òróró ẹ̀pà ra ibi tó lẹ̀, ìka kan lẹ́yìn ìkejì, ẹ máa fi ọwọ́ yọ ọ́ díẹ̀díẹ̀. Ọṣẹ ìfọwo díẹ̀ àti omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ ni kí ẹ fi fọ ọ́ kẹ́yìn. Tínà àti pẹtiróòlù ni àwọn kan máa ń sá tọ̀, ó sì ń bó wọn láwọ.

Màmá Ayétòrò

Ó ń ké lálẹ́ nítorí ìrora. Ìlàjì Panadol tàbí ìdá mẹ́rin rẹ̀, ṣé kò lè ràn án lọ́wọ́ títí ilẹ̀ á fi mọ́?

Dókítà Ẹran (Ẹ̀pẹ́)

Rárá, màmá. Kò sí ìwọ̀n paracetamol kankan tó dára fún ológbò, ìlàjì tàbí ìdá mẹ́rin. Hóró kan tó jẹ́ 500 mg tó láti pa á. Ó máa ń sọ ẹ̀jẹ̀ di ohun tí kò lè gbé afẹ́fẹ́ mọ́; erìgì á di àwọ̀ kọfí, èémí á yá, ojú àti ẹsẹ̀ á wú. Ibi tó ti ń ṣi àwọn èèyàn lọ́nà nìyẹn: wọ́n á rí ẹsẹ̀ tó wú, wọ́n á rò pé ọgbẹ́ ló ń burú sí i, wọ́n á tún fún un ní ìdá mẹ́rin mìíràn. Bó bá ti jẹ ẹ́, ẹ máa lọ báyìí, kí ẹ sì sọ ìwọ̀n àti àkókò fún dókítà. Oògùn tó ń dá a dúró wà, acetylcysteine ni, ṣùgbọ́n wákàtí ló ń kà.

Ibuprofen, diclofenac, aspirin, wọ́n ń lu kíndìnrín àti ikùn. Robb, Aboniki àti gbogbo ìpara tó ń ta, ó ń lá wọn. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ṣọ́ oògùn adìẹ tí àwọn ṣọ́ọ̀bù oògùn ẹran ń tà náà. Èyí tó ní enrofloxacin nínú, bí ìwọ̀n rẹ̀ bá kọjá 5 mg fún kílò kan lójúmọ́, lè fọ́ ojú ológbò, ìfọ́jú yẹn kì í sì í padà. Ẹni tó ń fi ìkán ṣírò oògùn adìẹ fún ẹran kílò mẹ́ta kò lè mọ̀ bóyá ó ti kọjá ààlà.

Ohun tí ẹ lè ṣe lálẹ́ ni kí ẹ sé e mọ́ páálí, níbi tó ṣókùnkùn tó dákẹ́, pẹ̀lú aṣọ tó rọ̀. Dídúró sójú kan yẹn gan-an ń dín ìrora kù.

Bàbá Báyékú

Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹni tó ń to egungun wà lọ́dọ̀ wa níbí. Ó ń to ti ènìyàn. Kí ló dé tí kò fi ní lè to ti ológbò?

Dókítà Ẹran (Ẹ̀pẹ́)

Ẹ ṣeun, bàbá. Wàhálà tó wà níbẹ̀ ni pé igi àti okùn kò lè di egungun itan tàbí ti apá òkè mú lára ológbò, torí kò sí ibi tí a ó fi dè é kọjá ìbàdí tàbí èjìká. Ẹrù ni igi náà máa di lábẹ́ ibi tó kán, á sì máa fà á síhìn-ín sọ́hùn-ún. Fífọwọ́ra egungun tó kán náà lè mú kí ẹnu rẹ̀ là awọ kọjá. Bí okùn bá sì fún, ìka á kú. Nílé, ẹ má de igi mọ́ ọn rárá. Bí egungun bá ti yọ síta, ẹ fi gọ́ọ̀sì tí ẹ rẹ sínú omi iyọ̀ bò ó, ẹ má tì í padà.

Ohun tí ẹ ó fi gbé e ni páálí nódùsù tàbí apẹ̀rẹ̀ tó ní ìdérí. Ẹ lu ihò sí ẹ̀gbẹ́ páálí, ẹ tẹ́ aṣọ. Ẹ má fi Ghana-must-go gbé e: kò sí afẹ́fẹ́ nínú rẹ̀, ìsàlẹ̀ rẹ̀ sì máa ń tẹ̀. Bí ẹ bá rò pé ọkọ̀ ló gbá a, ẹ fi pákó tàbí ìdérí bàsíà títẹ́jú gbé gbogbo ara rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Kódà bó bá dìde tó ń rìn, ẹ wò ó bóyá ó tọ̀ láàárín wákàtí 24. Ilé ìtọ̀ lè ti ya nínú.

Awakọ̀ Kọ̀rọ̀pe (Ìkòròdú)

Ẹ wí fún dẹ́rẹ́bà kí ẹ tó wọlé, kí ẹ gbé páálí sórí itan, kì í ṣe ẹ̀yìn bọ́ọ̀tù níbi tí èéfín ti ń wọlé. Ọ̀nà wa yìí, ihò pọ̀. Ẹ fi aṣọ há ẹ̀gbẹ́ ológbò méjèèjì kó má bàa yí. Àwọn tó bá ń lọ sí Èkó nínú súnkẹrẹ-fàkẹrẹ àárọ̀, ọkọ̀ ojú omi láti Ìpakodò kì í mì wọ́n tó bẹ́ẹ̀. Ẹ pe ilé ìwòsàn kí ẹ tó kúrò nílé, ẹ béèrè bóyá wọ́n ní ẹ̀rọ X-ray.

Alábòójútó (Ìkòròdú)

Ẹ tún béèrè bóyá dókítà náà ní ìforúkọsílẹ̀ pẹ̀lú Veterinary Council of Nigeria. Kì í ṣe gbogbo ẹni tó ń ta oògùn adìẹ ni dókítà. Fún egungun tó nílò iṣẹ́ abẹ, ilé ìwòsàn ẹran ti yunifásítì iṣẹ́ àgbẹ̀ (FUNAAB) wà ní Abẹ́òkúta. Láti Ìkòròdú, ọ̀nà Ṣágámù ni. Ti Ìbàdàn wà ní Yunifásítì Ìbàdàn.

Àǹtí Àjàrà (Àgbádárìgì)

Ọ̀kan wà ládùúgbò tí ẹsẹ̀ ẹ̀yìn méjèèjì dédé rọ láàárọ̀ yìí. Kò bọ́ látorí nǹkan kan. Ó ń ké gan-an. Wọ́n ní àsàsí ni.

Dókítà Ẹran (Ẹ̀pẹ́)

Ẹ fọwọ́ kan àtẹ́lẹsẹ̀ ẹ̀yìn báyìí. Bó bá tutù, tí tìmùtìmù rẹ̀ funfun tàbí tó dúdú ju ti iwájú lọ, ẹ̀jẹ̀ tó dì ló lọ há síbi tí òpó ẹ̀jẹ̀ ti pín sí itan méjèèjì. Àìsàn ọkàn tó ti wà níkọ̀kọ̀ ló sábà máa ń fà á. Ẹ má wọ́ ọ, ẹ má fi omi gbígbóná ká a lẹ́sẹ̀. Ẹ gbé e lọ lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, kí ẹ sì mọ̀ pé ọ̀pọ̀ wọn kì í yè é. Bí ẹsẹ̀ bá lọ́wọ́ọ́wọ́ tí kò sì lè gbé e, ẹ ronú ẹ̀yìn tó kán.

Bó bá jẹ́ ẹsẹ̀ kan péré ló rọ, tó sì jẹ́ pé wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gún un lábẹ́rẹ́ sẹ́yìn itan ni, abẹ́rẹ́ ti lè kan iṣan ńlá ibẹ̀. Mo ń rí ìyẹn ju bó ṣe yẹ lọ.

Olùtọ́jú Ẹran (Agríìkì)

Ẹ jẹ́ kí n fi ti àwọn ọmọ ológbò kún un. Ọmọ tí wọ́n ń fún ní ẹran ẹja tàbí ẹran màlúù nìkan láti ìgbà tó ti já ọmú, kò rí kálísíọ́mù tó. Ara á fa èyí tó wà nínú egungun rẹ̀ jáde. Ẹsẹ̀ á tẹ̀, á máa rìn wúyẹ́wúyẹ́, á fò látorí àga kékeré, egungun á ṣẹ́. Ẹ má dá àga lẹ́bi. Oúnjẹ ọmọ ológbò tí wọ́n ṣe pé ló dára jù. Bí apá ò bá ká a, ẹ fún un ní ẹja wẹ́wẹ́ bíi sawá, tí ẹ sè kí egungun rẹ̀ rọ̀ títí á fi ṣeé fi ìka tẹ̀ fọ́, egungun náà ni kó jẹ.

Ọmọ ológbò tó ń tiro lẹ́sẹ̀ yìí lónìí, lẹ́sẹ̀ mìíràn lọ́la, pẹ̀lú ibà àti egbò ẹnu tàbí ikun nímú, kòkòrò àrùn ló ń bá a jà. Ó sábà máa ń lọ láàárín ọjọ́ díẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ yà á sọ́tọ̀ kúrò lọ́dọ̀ àwọn yòókù.

Àǹtí Ìgbógbó

Ẹ gbà mí láàyè, ó bẹ́. A ti fọ̀ ọ́ bí ẹ ṣe wí. Dókítà ìtòsí fún wa ní oògùn, ó sì fi báńdéèjì wé ẹsẹ̀ náà. Báwo la ó ṣe máa wò ó? Ó tún ha ọmọ mi lọ́wọ́, ó sì gé e jẹ díẹ̀.

Olùtọ́jú Ẹran (Agríìkì)

Ọmọ lẹ máa kọ́kọ́ tọ́jú, àǹtí. Ọṣẹ àti omi tó ń ṣàn, ìṣẹ́jú 15 gbáko, kí ẹ gbé e lọ sílé ìwòsàn ènìyàn lónìí. Ẹ sọ pé ológbò ló gé e jẹ, kí wọ́n lè wo ọ̀rọ̀ abẹ́rẹ́ dìgbòlugi àti ti ipá. Ẹnu ológbò ń yára kó ọyún sí ọwọ́ ènìyàn bó ṣe kó o sí ẹsẹ̀ rẹ̀ yẹn.

Báńdéèjì: ẹ wo ìka méjì àárín tó yọ síta, láàárọ̀ àti lálẹ́. Bí èékánná wọn bá ń ya sọ́tọ̀ kúrò lọ́dọ̀ ara wọn, ẹsẹ̀ ti wú nínú, báńdéèjì ti fún jù, ẹ tú u. Ìka yín kan gbọ́dọ̀ lè wọ abẹ́ rẹ̀. Bó bá tutù, tó rùn, tàbí tó yọ̀ sísàlẹ̀, wọ́n gbọ́dọ̀ pààrọ̀ rẹ̀. Bí ẹ bá ń tún un wé, gọ́ọ̀sì ló máa kan egbò, òwú wà lókè rẹ̀, báńdéèjì kẹ́yìn, láti ìka lọ sókè. Bí ẹ bá wé e láti òkè wá sísàlẹ̀, omi á gbá jọ sí ìka. Eṣinṣin kò gbọ́dọ̀ bà lé egbò tó ṣí sílẹ̀ nínú ooru yìí: ìdin lè ti wà níbẹ̀ kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó mọ́.

Kí ó má lá a, ẹ gé páálí tàbí fíìmù X-ray àtijọ́ ní róbótó, ẹ la ihò ọrùn sí i, ẹ lẹ̀ ẹ́ kó rí bí àrọ, kó gùn kọjá imú rẹ̀ níwọ̀n ìka méjì. Ẹ yọ ọ́ nígbà oúnjẹ. Ẹ kó yanrìn kúrò nínú àwo ìgbẹ́ rẹ̀, ẹ fa ìwé ìròyìn ya wẹ́wẹ́ síbẹ̀. Yanrìn ń wọ egbò.

Àǹtí Ìgbógbó

Ó ti ń ké lẹ́nu ọ̀nà pé òun fẹ́ jáde.

Dókítà Ẹran (Ẹ̀pẹ́)

Kó máa ké. Ẹ parí oògùn rẹ̀ dé hóró ìkẹyìn, kódà bí kò bá tiro mọ́. Kó wà nínú ilé títí awọ á fi pa dé tí irun á sì bẹ̀rẹ̀ sí í hù níbẹ̀. Nígbà tí ẹ bá gbé e padà lọ fún àyẹ̀wò, ẹ jẹ́ kí wọ́n dá ọjọ́ tí wọ́n á tẹ̀ ẹ́ lọ́dàá, kí wọ́n sì fún un ní abẹ́rẹ́ dìgbòlugi bí kò bá tíì gbà á.